ÀYÈ TÍ Ó ṢÓFO: ÀÌSÍ ẸNÌKAN LÁÀRIN ÀWÙJỌ NÍNÚ ẸSẸ̀ IFÁ MÉJÌ ÀTI ÌRÈMỌ̀JÉ ỌDẸ

1.0 Ìfáárà

Nínú èdè Yorùbá, ọ̀rọ̀ kan náà ni a fi ń sọ nípa ẹni tí ó lọ sí oko àti ẹni tí ó lọ sí ọ̀run. ‘Kò sí nílé’ ni a ń wí fún àlejò nípa ẹni tí yóò dé ní ìrọ̀lẹ́. ‘Ó ti ṣe aláìsí’ ni a ń wí nípa ẹni tí kò ní dé mọ́. ‘Kò sí’, tí ó jẹ́ òdì ‘ó wà’, ni ó ṣe ìpìlẹ̀ gbólóhùn méjèèjì. Ohun tí èdè ń fi èyí tọ́ka sí ni pé ikú jẹ́ ẹ̀yà kan lára àìsí; àìsí kì í ṣe ẹ̀yà kan lára ikú. Bí ọ̀rọ̀ bá rí bẹ́ẹ̀, ó tọ́ kí lámèyítọ́ ka ewì alohùn tí ó dá lórí ikú pọ̀ mọ́ èyí tí ó dá lórí ẹni tí ó bínú lọ, àti èyí tí ó dá lórí ẹni tí ó wà ní àrọ́wọ́tó ṣùgbọ́n tí a kò pè sí àárín, kí ó sì bi mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ní ìbéèrè kan náà: kí ni àwùjọ ń fi àyè ẹni tí kò sí ṣe?

Òwe kan wà tí ọ̀pọ̀ ènìyàn ti gbà gẹ́gẹ́ bí ìdáhùn tí ó kún: baálé ilé kú, ilé di ahoro. Kò sí àní-àní pé òwe náà sọ òótọ́ kan. Ṣùgbọ́n bí a bá yẹ àwọn ewì alohùn wò fínnífínní, a óò rí i pé ilé tí ó di ahoro kò ní ìtàn tí ẹnikẹ́ni yóò sọ. Àwọn tí ó ṣẹ́kù nínú ilé ni ó ń sọ ìtàn. Níwọ̀n ìgbà tí a bá ti gbọ́ ìtàn ẹni tí ó lọ, ilé náà kò tíì di ahoro tán. Ó ti di ilé mìíràn ni. Ìyípadà yìí, láti ilé kan sí ilé mìíràn, ni àpilẹ̀kọ yìí fẹ́ tọ ipasẹ̀ rẹ̀.

Àyọkà mẹ́ta ni a ó gbé yẹ̀ wò. Èkínní ni ìtàn bí Ọ̀rúnmìlà ṣe fi ilé ayé sílẹ̀, tí ó wà nínú Odù Ìwòrì Méjì, gẹ́gẹ́ bí Wándé Abímbọ́lá ti gbà á sílẹ̀ tí ó sì tẹ̀ ẹ́ jáde. Èkejì ni ìtàn Ọ̀ṣun àti àwọn irúnmọlẹ̀ ọkùnrin 16, tí ó wà nínú Odù Ọ̀ṣẹ́ Tùúrá. Ẹ̀kẹta ni ìrèmọ̀jé, ewì tí àwọn ọdẹ ń sun níbi ìṣípà ọdẹ tí ó kú, èyí tí Bádé Ajúwọ̀n ṣe ìwé lé lórí ní 1981. Àwùjọ tí ó wà nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan kéré, okùn tí ó so àwọn ènìyàn inú rẹ̀ pọ̀ sì yi: ọmọ ìyá àti ọmọ bàbá, ẹgbẹ́ irúnmọlẹ̀ tí a jọ rán níṣẹ́, àti ẹgbẹ́ ọdẹ tí ó jọ mulẹ̀.

2.0 Ọ̀rúnmìlà: ẹni tí ó bínú lọ

2.1 Ìtàn náà ní ṣókí

Ọ̀rúnmìlà bí ọmọ mẹ́jọ, gbogbo wọn sì di ẹni ńlá; Alárá àti Ajerò wà lára wọn, Ọlọ́wọ̀ sì ni àbíkẹ́yìn. Ní ọjọ́ kan tí Ọ̀rúnmìlà ń ṣe ọdún, ó ránṣẹ́ pe àwọn ọmọ náà. Bí ọ̀kọ̀ọ̀kan ti ń dé ni ó ń kí bàbá rẹ̀ ní ìkíni awo. Nígbà tí ó kan Ọlọ́wọ̀, kò kí i. Bàbá bèèrè ìdí rẹ̀. Ọlọ́wọ̀ dáhùn pé kò sí ohun tí bàbá òun wọ̀ tí òun náà kò wọ̀: aṣọ, ọ̀pá, bàtà àti adé, adé kì í sì í forí balẹ̀ fún adé. Ọ̀rúnmìlà bínú, ó kọjá sí ọ̀run, ó jókòó sí ìdí ọ̀pẹ kan tí ó ya orí 16. Láti ìgbà náà ni nǹkan kò ti gún mọ́ ní ayé. Nígbà tí ìyà pọ̀, wọ́n ní kí àwọn ọmọ lọ bẹ bàbá wọn. Wọ́n bẹ̀ ẹ́ títí, kò gbà láti padà. Ikin 16 ni ó kó fún wọn, ó sì ní bí wọ́n bá ń fẹ́ ire owó, ire aya, ire ọmọ àti ire ilé, ohun tí wọn yóò máa bèèrè lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn.

2.2 Ẹ̀kọ́ ìtẹríba nìkan kọ́

Ọ̀nà tí ó wọ́pọ̀ jù lọ tí a fi ń ka ìtàn yìí ni pé ó ń kọ́ ọmọ láti bọ̀wọ̀ fún bàbá rẹ̀, àti pé ìyà tí ó jẹ ayé jẹ́ èrè àfojúdi Ọlọ́wọ̀. Ìtumọ̀ yìí kò burú, ṣùgbọ́n kò bá gbogbo ohun tí ó wà nínú ẹsẹ̀ náà mu. Bí ó bá jẹ́ ìjìyà ni, orí Ọlọ́wọ̀ ni ó yẹ kí ó kọ́kọ́ bà lé. Àwọn tí ẹsẹ̀ náà dárúkọ ni aboyún, àgàn, olókùnrùn, iṣu, àgbàdó, adìẹ àti ewúrẹ́, tí kò sí ọ̀kan nínú wọn níbi ọdún tí ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹlẹ̀. Bákan náà, ẹsẹ̀ náà kò sọ pé Ọ̀rúnmìlà gégùn-ún fún ẹnikẹ́ni kí ó tó lọ. Ó kúrò nílé lásán ni. Ohun tí ó tẹ̀lé e kì í ṣe iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀. Àìsí ọwọ́ rẹ̀ ni.

Ìyàtọ̀ yìí ṣe pàtàkì. Ẹni tí ó fi ìyà jẹ ìlú ṣì wà nínú ọ̀rọ̀ ìlú. Ó ń ṣe nǹkan sí i. Ẹni tí ó lọ ti jáwọ́, ìgbà tí ó sì jáwọ́ tán ni ìlú tó mọ ohun tí ọwọ́ náà dì mú. Bí a bá fi ojú yìí wo ọ̀rọ̀ Ọlọ́wọ̀, a ó rí i pé kì í ṣe aláìgbọ́n. Àríyànjiyàn rẹ̀ tọ́ bí a bá gbà pé ohun tí ojú rí ni ènìyàn jẹ́. Ó ka ohun tí ó wà lára bàbá rẹ̀, ó ka ohun tí ó wà lára tirẹ̀, iye wọn sì dọ́gba. Àṣìṣe rẹ̀ ni pé iṣẹ́ tí bàbá rẹ̀ ń ṣe láàrin wọn kò sí nínú ohun tí a lè kà. Nítorí náà, ohun tí ẹsẹ̀ yìí ń dá lẹ́jọ́ ni irú ìṣirò kan tí ó máa ń wáyé láàrin àwọn tí ó sún mọ́ ara wọn jù. Àlejò kò lè bá Ọ̀rúnmìlà ṣe irú ìṣirò bẹ́ẹ̀. Ọmọ tí ó ti ń rí i lójoojúmọ́ ni ó lè ṣe é.

2.3 Ètò àwọn àdánù

Ohun kan tí ó yani lẹ́nu nínú ẹsẹ̀ náà ni pé kò sí ẹni tí ó sunkún. Ẹsẹ̀ náà kò sọ bí ọkàn Alárá ti rí, kò sì sọ pé Ajerò kábàámọ̀. Dípò èyí, ó to àwọn iṣẹ́ tí ó dáwọ́ dúró lẹ́sẹẹsẹ. Ara ènìyàn ni ó fi bẹ̀rẹ̀: ìbímọ, àìsàn, agbára ọkùnrin, nǹkan oṣù obìnrin. Ó bọ́ sí oko: iṣu kò ta, àgbàdó kò gbó. Àwọn ẹran ọ̀sìn ni ó fi parí rẹ̀: ìkán òjò díẹ̀ bọ́ sílẹ̀, adìẹ ń ṣà á bí ẹni ṣa ọkà, abẹ tí a pọ́n sílẹ̀, ewúrẹ́ fẹ́ jẹ ẹ́.

Lójú ẹni tí ó bá yára kà á, àpẹẹrẹ ebi ni méjì ìkẹyìn yìí. Wọ́n jù bẹ́ẹ̀ lọ. Adìẹ tí ó ń ṣa omi kò mọ ìyàtọ̀ láàrin omi àti ọkà mọ́. Ewúrẹ́ tí ó fẹ́ jẹ abẹ kò mọ ìyàtọ̀ láàrin oúnjẹ àti ohun tí yóò pa á. Agbára láti mọ ohun kan yàtọ̀ sí èkejì ni ó sọnù, iṣẹ́ Ọ̀rúnmìlà gan-an sì ni èyí láàrin àwọn òrìṣà: òun ni ẹlẹ́rìí ìpín, tí ó ń sọ fún ènìyàn ohun tí ó wà níwájú rẹ̀. Ètò àwọn àdánù náà ń lọ láti ohun tí ẹnikẹ́ni lè rí, bíi ikùn tí kò bí, sí ohun tí ó ṣòro láti rí, ìyẹn òye tí ó sọnù. Ewì náà fi ìkẹyìn ṣe kókó. Bí ó bá jẹ́ pé ebi nìkan ni ó fẹ́ sọ, ìbá ti dúró sí orí iṣu àti àgbàdó.

2.4 Ikin kì í ṣe òòbẹ̀

Yorùbá ní bí a kò bá rí àdàn, à ń fi òòbẹ̀ ṣẹbọ. Ó lè dà bí ẹni pé bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ọ̀rọ̀ ikin rí: bàbá kò wá, nǹkan mìíràn dí àyè rẹ̀. Àwọn kan tilẹ̀ lè sọ pé ìtàn yìí kò ní iṣẹ́ mìíràn ju pé kí ó ṣàlàyé ibi tí ikin ti ṣẹ̀ wá. Bí ó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, kò sí ohun tí ẹsẹ̀ náà ń wá lọ sí ọ̀dọ̀ ewúrẹ́ àti abẹ.

Nígbà tí Ọ̀rúnmìlà wà nílé, ìkíni ni ó so òun àti àwọn ọmọ rẹ̀ pọ̀: wọ́n á kí i, á dá wọn lóhùn. Ikin kì í sọ̀rọ̀. A gbọ́dọ̀ pa á, kí a tẹ odù sórí ìyẹ̀rosùn nínú ọpọ́n, kí a mọ èyí tí ó jáde nínú Odù 256, kí a sì kì ẹsẹ̀ tí ó wà lábẹ́ rẹ̀. Lẹ́yìn èyí, ẹni tí ó wá ṣe àyẹ̀wò, tí ó sì lè má tíì sọ ohun tí ó ń ro fún babaláwo rárá, ni yóò mọ ẹsẹ̀ tí ó bá ọ̀rọ̀ rẹ̀ mu. Ọ̀pọ̀ ọdún ni ọmọ awo fi ń kọ́ ohun wọ̀nyí lẹ́sẹ̀ ọ̀gá rẹ̀. Ìyẹn ni pé ohun tí ọmọ ń rí gbà tẹ́lẹ̀ nípa pé ó kí bàbá rẹ̀, iṣẹ́ ìtumọ̀ ni yóò máa fi rí i gbà láti ìgbà náà lọ. Àìsí Ọ̀rúnmìlà ni ó sọ àwọn ọmọ rẹ̀ di akẹ́kọ̀ọ́. A tilẹ̀ lè sọ pé Ifá, gẹ́gẹ́ bí ìmọ̀ tí a ń kọ́, kò tíì wà nígbà tí Ọ̀rúnmìlà fi wà nílé, nítorí kò sí ẹni tí ó nílò rẹ̀.

Ohun méjì nínú bí a ṣe gbé ẹsẹ̀ náà kalẹ̀ ti èrò yìí lẹ́yìn. Èkínní, ìbẹ̀rẹ̀ ẹsẹ̀ náà, níbi tí a ti ń sọ ẹni tí a dífá fún, ti jẹ́ kí ó di mímọ̀ pé Ifá kò ní dé mọ́. Olùgbọ́ kò wà nínú iyèméjì bóyá yóò padà tàbí kò ní padà. Ohun tí ó ń retí ni bí àwọn tí ó ṣẹ́kù yóò ti ṣe é. Èkejì, ní ìparí, a ní kí àwọn ọmọ náà máa pe ẹni tí wọ́n bá rí ní bàbá. Orúkọ náà kúrò lórí ara kan ṣoṣo. Ó di ipò tí ẹlòmíràn lè bọ́ sí, bí àwọn babaláwo ti bọ́ sí i títí di òní. Ọlọ́wọ̀ tí ó kọ̀ láti pe ẹnìkan ní bàbá ni ó wá sọ ọ́ di dandan pé kí a máa pe ọ̀pọ̀ ènìyàn bẹ́ẹ̀.

3.0 Ọ̀ṣun: ẹni tí a kò kà

Nínú Ọ̀ṣẹ́ Tùúrá, ọ̀rọ̀ àìsí yí padà. Olódùmarè rán àwọn irúnmọlẹ̀ 17 wá sí ayé. 16 jẹ́ ọkùnrin, Ọ̀ṣun nìkan ni obìnrin. Nígbà tí wọ́n dé, wọ́n la igbó orò, wọ́n la igbó ọ̀pá, wọ́n ń pàdé, wọ́n ń gbèrò, ṣùgbọ́n wọn kò fi ti Ọ̀ṣun ṣe. Ọ̀ṣun jókòó jẹ́ẹ́, ó ń fi òòyà rẹ̀ ya irun. Gbogbo ohun tí wọ́n dáwọ́ lé ni ó bàjẹ́. Wọ́n padà lọ sọ́dọ̀ Olódùmarè, ó sì bi wọ́n bí wọ́n bá pe Ọ̀ṣun mọ́ ara wọn. Nígbà náà ni wọ́n tó lọ bẹ̀ ẹ́.

Ọ̀rúnmìlà rin ìrìn-àjò. Ọ̀ṣun kò lọ sí ibi kankan. Kò sí ilẹ̀kùn tí a tì, kò sí ìdágbére. Síbẹ̀, àbájáde rẹ̀ bá ti Ìwòrì Méjì mu: iṣẹ́ kò ṣe é ṣe. Ìyàtọ̀ ńlá tí ó wà níbẹ̀ ni ti ìmọ̀. Àwọn ọmọ Ọ̀rúnmìlà mọ ẹni tí ó lọ àti ìdí tí ó fi lọ. Àwọn irúnmọlẹ̀ 16 kò mọ pé ẹnìkan kù. Lójú wọn, ìpàdé ti kún. Wọ́n ní láti padà dé ọ̀dọ̀ ẹni tí ó rán wọn kí ìbéèrè kan tó la ojú wọn. Ẹni tí ó lọ fi àlàfo sílẹ̀ tí gbogbo ènìyàn rí. Ẹni tí a kò kà kò ní àlàfo rárá, nítorí a kò tẹ́ ẹní fún un láti ìbẹ̀rẹ̀. Irú àìsí kejì yìí ni ó léwu jù fún àwùjọ, nítorí pé àwùjọ kò lè bẹ ẹni tí kò mọ̀ pé kò sí.

Ibi tí ìtàn náà parí sí nílò àyẹ̀wò ju bí a ti máa ń ṣe lọ. Ọ̀ṣun lóyún nígbà tí wọ́n wá bẹ̀ ẹ́. Ó ní bí òun bá bí ọkùnrin, ọmọ náà ni yóò máa bá wọn lọ, ọ̀rọ̀ á sì tòrò. Ṣùgbọ́n bí ó bá jẹ́ obìnrin, ìjà kò ní tán. Gbogbo wọn fi àṣẹ sí i, ó bí ọkùnrin, a sì pe orúkọ rẹ̀ ní Ọ̀ṣẹ́tùúrá. Àwọn tí ó ń fi ìtàn yìí hàn gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí agbára obìnrin nínú èrò Yorùbá kò ṣìnà: ọkùnrin 16 kò lè dá ilé ayé ṣe láìsí obìnrin kan. Ṣùgbọ́n ohun tí wọn kì í sọ ni pé Ọ̀ṣun fúnra rẹ̀ kò bọ́ sí ìpàdé náà. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin ni ó wọlé. Iye àwọn tí ó jókòó di 17, ìyẹn iye tí Olódùmarè rán, ṣùgbọ́n kì í ṣe àwọn 17 tí ó rán.

A lè dáhùn pé láti ẹnu Ọ̀ṣun fúnra rẹ̀ ni àdéhùn náà ti wá, àti pé ọmọ kò yàtọ̀ sí ìyá. Òótọ́ ni apá kìíní. Kì í ṣe ẹ̀tàn àwọn ọkùnrin ni. Ṣùgbọ́n apá kejì kò dúró. Bí ọmọ kò bá yàtọ̀ sí ìyá, kò yẹ kí ó ṣe pàtàkì bóyá ọkùnrin ni tàbí obìnrin. Ó dà bí ẹni pé ẹsẹ̀ náà mọ̀ pé ojútùú òun kò pé. Ó fi hàn pé àwùjọ náà gbà pé ẹnìkan kù, ó sì wá ọ̀nà láti fi àyè fún un láìjẹ́ pé ó yí àga ìpàdé padà. Ẹni tí ó bá ka ìtàn náà sí ìṣẹ́gun pátápátá ti gbàgbé ọ̀rọ̀ yìí. Ẹni tí ó bá kà á sí ìjákulẹ̀ pátápátá ti gbàgbé pé, láìsí ọmọ náà, ẹbọ àwọn yòókù kò dà.

4.0 Ìrèmọ̀jé: ẹni tí ó gbọ́dọ̀ lọ

Nínú ẹsẹ̀ Ifá méjèèjì tí ó ṣáájú, ìyọnu àwùjọ ni pé ẹnìkan kò sí. Ní ìdí ìrèmọ̀jé, ìyọnu náà yí: ẹ̀rù tí ó ń ba àwọn ọdẹ ni pé ẹni tí ó kú lè má tíì lọ tán. Níwọ̀n ìgbà tí a kò bá tíì ṣe ìṣípà, okùn tí ó so ọdẹ náà mọ́ ẹgbẹ́ kò tíì já. Nítorí náà ni àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe ń kó ohun èlò ọdẹ rẹ̀ jọ, tí wọ́n ń fi òru sun ìrèmọ̀jé, tí wọ́n sì ń gbé ìpà náà jáde lọ sínú igbó. Orúkọ ayẹyẹ náà ti sọ iṣẹ́ rẹ̀: a ṣí ìpà kúrò nílé.

Ìrèmọ̀jé yàtọ̀ sí ìjálá nípa àsìkò, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ọdẹ ni ó ni méjèèjì. Ọdẹ lè sun ìjálá níbi ìyàwó, níbi ìkómọ, tàbí níbi tí ó ti ń mu ẹmu. Kò jẹ́ sun ìrèmọ̀jé bí kò bá sí ọdẹ tí ó kú. A lè sọ, nígbà náà, pé ìrèmọ̀jé jẹ́ ewì tí kò ní àyè bí kò ṣe inú àìsí. Àwọn ewì mìíràn lè mẹ́nu ba ẹni tí kò sí. Èyí kò lè bẹ̀rẹ̀ láìjẹ́ pé àga ẹnìkan ṣófo.

Ọ̀nà tí olùsun ìrèmọ̀jé ń gbà bá òkú sọ̀rọ̀ yẹ fún àkíyèsí. Kì í sábà sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ‘òun’. ‘Ìwọ’ ni ó ń pè é. Ó ń fi oríkì pè é, ó ń bi í léèrè ibi tí ó gbà lọ, ó ń rán an létí ẹran tí ó pa àti igbó tí ó wọ̀. Gbogbo ẹni tí ó wà níbẹ̀ mọ̀ pé kò ní dáhùn. Lójú ẹni tí kò mọ àṣà, ó lè dà bí ẹni pé ìbéèrè bẹ́ẹ̀ jẹ́ àṣejù tàbí ọ̀ṣọ́ èdè. Bẹ́ẹ̀ kọ́. Ìdákẹ́jẹ́ẹ́ tí ó tẹ̀lé ìbéèrè ni ẹ̀rí. Nígbà gbogbo tí a bá pè é tí kò sì dáhùn, àìsí rẹ̀ túbọ̀ ń fìdí múlẹ̀ lójú gbogbo ẹgbẹ́, títí ilẹ̀ fi mọ́. A ń fi ìpè mú kí ó lọ. Ní ìdí èyí, ìrèmọ̀jé ṣe òdì ohun tí àwọn ọmọ Ọ̀rúnmìlà ṣe ní ìdí ọ̀pẹ, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé irinṣẹ́ kan náà, ìyẹn oríkì àti ìpè, ni àwọn méjèèjì lò. Àwọn ọmọ pe bàbá kí ó lè bọ̀ wálé, kò sì bọ̀. Àwọn ọdẹ pe ẹlẹgbẹ́ wọn kí ó lè dá wọn lójú pé kò ní bọ̀.

Ohun mìíràn tún ni pé olùsun kan kì í dá òru náà ṣe. Bí ẹnìkan bá dákẹ́, ẹlòmíràn á gbà á. Ọ̀kọ̀ọ̀kan ń mú apá tí ó mọ̀ nípa olóògbé wá: ẹni tí ó bá a dẹ̀gbẹ́, ẹni tí ó kọ́ iṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ẹni tí ó bá a jà rí. Nígbà tí ilẹ̀ bá fi mọ́, ohun tí ó wà lọ́dọ̀ ẹnì kọ̀ọ̀kan ti di ti gbogbo ẹgbẹ́. A gbé ìpà jáde, ṣùgbọ́n ìtàn wọlé.

5.0 Ìfiwéra

Bí a bá kó àyọkà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta jọ, ọ̀nà mẹ́ta ni ó hàn tí àwùjọ ń gbà bá àyè tí ó ṣófo lò. Nínú Ìwòrì Méjì, ohun àmúlò ni ó bọ́ sí àyè náà, àwùjọ sì kọ́ bí a ti ń túmọ̀. Nínú Ọ̀ṣẹ́ Tùúrá, aṣojú ni ó bọ́ sí i, àwùjọ sì kọ́ bí a ti ń ka ènìyàn. Níbi ìṣípà, a fi àyè náà sílẹ̀ ní òfo pẹ̀lú ìmọ̀ọ́mọ̀, àwùjọ sì kọ́ bí a ti ń yọ̀ǹda. Ohun tí ó so wọ́n pọ̀ ni pé kò sí èyí tí ẹni tí ó lọ ti padà gẹ́gẹ́ bí ó ti wà. Èyí ń tako èrò pé ẹ̀bẹ̀ tí ó bá pọ̀ tó yóò dá nǹkan padà sí ipò rẹ̀. Nínú àwọn ewì wọ̀nyí, ẹ̀bẹ̀ máa ń so èso, ṣùgbọ́n èso náà kì í ṣe ohun tí a bẹ̀bẹ̀ fún.

Ìfiwéra ránpẹ́ pẹ̀lú ìtàn-àròsọ yóò jẹ́ kí èyí yéni sí i. Nínú Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀ tí D. O. Fágúnwà kọ, tí ó jáde ní 1938, àwọn akọni fi ilé sílẹ̀ lọ sí Òkè Láńgbòdó. Ìtàn tẹ̀lé wọn. Kò dúró ti àwọn tí wọ́n fi sílẹ̀. Ìgbà tí obìnrin kan fẹ́ dá Kàkó dúró kí ó má lọ, idà ni Kàkó fi dá a lóhùn. Ẹni tí ó lè sọ bí àìsí Kàkó yóò ti rí nílé kú kí ìrìn-àjò náà tó bẹ̀rẹ̀ dáradára. Ohun tí Fágúnwà ń wá yàtọ̀, kò sì yẹ kí a dá a lẹ́bi nítorí rẹ̀. Ṣùgbọ́n ó fi hàn pé kì í ṣe ọ̀ranyàn kí ìtàn ẹni tí ó lọ jẹ́ ìtàn àwọn tí ó kù. Àwọn ewì alohùn tí a gbé yẹ̀ wò ni ó yàn láti dúró nílé. Ìdí ọ̀pẹ tí Ọ̀rúnmìlà jókòó sí kò gba ju ìwọ̀nba ọ̀rọ̀ díẹ̀. Iṣu, àgbàdó, adìẹ àti ewúrẹ́ ni ó gba ọ̀rọ̀ púpọ̀.

6.0 Àgbálọgbábọ̀

Àpilẹ̀kọ yìí ti gbìyànjú láti fi hàn pé àìsí, nínú àwọn àyọkà wọ̀nyí, kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìbànújẹ́ nìkan. Ọ̀nà ìmọ̀ ni. Ọlọ́wọ̀ kò mọ ohun tí bàbá rẹ̀ jẹ́ títí tí bàbá náà fi lọ. Àwọn irúnmọlẹ̀ kò mọ iye ara wọn títí tí iṣẹ́ wọn fi bàjẹ́. Ẹgbẹ́ ọdẹ kò gbọ́ gbogbo ìtàn ọmọ ẹgbẹ́ wọn pa pọ̀ títí di òru tí wọ́n fi lé e lọ. Ìmọ̀ náà pẹ́ kí ó tó dé, owó rẹ̀ sì wọ́n.

Kò yẹ kí a tìtorí èyí sọ pé àìsí dára. Ẹsẹ̀ Ìwòrì Méjì kò gbàgbé olókùnrùn tí kò dìde. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí a tún òwe tí a fi bẹ̀rẹ̀ yẹ̀ wò. Baálé ilé kú, ilé di ahoro: bẹ́ẹ̀ ni, bí àwọn tí ó kù kò bá mọ iṣẹ́ tí baálé ń ṣe. Àwọn ọmọ Ọ̀rúnmìlà darí wálé láti ìdí ọ̀pẹ pẹ̀lú ikin 16 lọ́wọ́. Bàbá wọn kò bá wọn bọ̀, iṣẹ́ ìtumọ̀ tí ó kó lé wọn lọ́wọ́ kò sì tíì parí. Ilé wọn kò di ahoro.